Fíìmù ìtàn ìdílé: ẹ̀kọ́ tí àwa ará Tunga lè rí kọ́ lára Kossola àti àwọn ọmọ-ọmọ rẹ̀

Ní Tunga níbí, ọ̀rọ̀ kan wà tí kì í tán lẹ́nu àwọn àgbà tí a bá ti ṣèpàdé: àwọn ọmọ wa ò mọ ibi tí a ti wá. Ọmọ á máa sọ Hausa bí ẹni ń mumi, á gbọ́ òyìnbó, á tiẹ̀ gbọ́ Nupe díẹ̀ mọ́ ọn. Ṣùgbọ́n tí ẹ bá bi í ní agbo ilé bàbá rẹ̀, á ní kí ẹ jẹ́ kí òun pe dádì lórí fóònù ná. Bí dádì bá wà láyé, kò burú. Tí kò bá sí mọ́ ńkọ́?

Ọ̀rọ̀ yìí ló jẹ́ ká fẹ́ ṣàlàyé irú fíìmù kan lónìí, irú èyí tí wọ́n ń pè ní dọkumẹ́ńtárì. Kì í ṣe àgbéléwò tí òṣèré ń ṣe bí ọba tàbí bí àjẹ́. Ẹni tó ń ṣe dọkumẹ́ńtárì á gbé kámẹ́rà lọ bá àwọn tí ọ̀rọ̀ ṣẹlẹ̀ sí gan-an, á bi wọ́n léèrè, á wá fọ́tò àti ìwé àtijọ́, á sì fẹsẹ̀ ara rẹ̀ dé ibi tí nǹkan ti ṣẹlẹ̀. Èyí tó kàn wá jù nínú wọn ni èyí tó ń wádìí ìdílé: ta ni bàbá ńlá wa, ibo ló ti wá, kí ló gbé e kúrò nílé, kí ló sì kù nínú wa tó jẹ́ tirẹ̀?

Àpẹẹrẹ kan wà tí a rò pé gbogbo Yorùbá tó wà lẹ́yìn odi yẹ kó mọ̀. Amẹ́ríkà ló ti ṣẹlẹ̀, ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ ará ilé wa ni.

Ọkọ̀ Clotilda

Láti 1808 ni òfin Amẹ́ríkà ti ka kíkó ẹrú wọ̀lú láti òkèèrè léèwọ̀. Síbẹ̀, olówó kan ní ìlú Mobile, ní ìpínlẹ̀ Alabama, tó ń jẹ́ Timothy Meaher, fọ́nnu pé òun á kó wọn wọlé, kò sì sí ohun tí ẹnikẹ́ni á fi òun ṣe. Ó rán ọ̀gá atukọ̀ kan, William Foster, pẹ̀lú ọkọ̀ ojú omi tí wọ́n ń pè ní Clotilda, lọ sí etíkun Ouidah tó wà ní orílẹ̀-èdè Benin òde òní. Ibẹ̀ ni ìjọba Dahomey ti máa ń ta àwọn tí ọmọ ogun rẹ̀ bá kó lẹ́rú. Foster ra èèyàn bíi 110. Ní oṣù keje ọdún 1860 wọ́n dé Mobile lóru, wọ́n kó àwọn èèyàn náà pa mọ́, wọ́n sì dáná sun ọkọ̀ náà nínú odò kí ẹ̀rí má baà sí.

Ọ̀dọ́mọkùnrin kan wà láàárín wọn, ọmọ nǹkan bí ọdún 19, tó ń jẹ́ Kossola. Ilẹ̀ ò tíì mọ́ dáadáa tí àwọn ọmọ ogun Dahomey fi ya wọ ìlú rẹ̀. Ní Amẹ́ríkà, Cudjo Lewis ni wọ́n ń pè é. Báwo wá ni a ṣe mọ̀ pé ará ilé wa ni? Nípa ohun tó rántí ni. Kossola àti àwọn tí wọ́n jọ wọ ọkọ̀ rántí orúkọ wọn, wọ́n rántí orúkọ ìlú, wọ́n sì rántí bí wọ́n ṣe ń ṣe nǹkan nílé. Olùwádìí kan, Sylviane Diouf, kó gbogbo rẹ̀ jọ, ó sì ṣe ìwé lé e lórí ní 2007. Ohun tó rí ni pé agbègbè Bantè, ní àárín gbùngbùn Benin, ni Kossola ti wá, níbi tí àwọn Yorùbá tí wọ́n ń pè ní Isha wà. Kì í ṣe gbogbo èrò inú ọkọ̀ náà ló jẹ́ Yorùbá o, ṣùgbọ́n Yorùbá wà níbẹ̀ dáadáa.

Nígbà tí ogun abẹ́lé Amẹ́ríkà parí ní 1865, tí wọ́n dá wọn sílẹ̀, ohun àkọ́kọ́ tí wọ́n fẹ́ ni kí wọ́n padà sílé. Wọ́n tu owó jọ, owó ò tó. Wọ́n ní kí Meaher tó ràn wọ́n wá fún wọn nílẹ̀, ó kọ̀. Ni wọ́n bá ṣe ohun tí àlejò gidi máa ń ṣe. Àwọn ọkùnrin ń ṣiṣẹ́ ní ibi tí wọ́n ti ń la pákó, àwọn obìnrin ń gbin nǹkan, wọ́n ń kiri ọjà. Wọ́n tọ́jú owó, wọ́n ra ilẹ̀, wọ́n dá àdúgbò tiwọn sílẹ̀. Africatown ni wọ́n ń pe ibẹ̀ títí dòní. Wọ́n ní òfin tiwọn, wọ́n kọ́ ṣọ́ọ̀ṣì, wọ́n kọ́ ilé ìwé.

Kossola fẹ́ Abile, tí òun náà wà nínú ọkọ̀ yẹn, wọ́n sì bí ọmọ mẹ́fà. Ọmọ kọ̀ọ̀kan ní orúkọ méjì, ọ̀kan ti Amẹ́ríkà, èkejì ti ilé. Aleck ni wọ́n ń pe àkọ́bí wọn níta. Orúkọ tí wọ́n ń pè é nínú ilé wà nínú àkọsílẹ̀ lóríṣiríṣi, nítorí àwọn tó kọ ọ́ ò gbọ́ èdè, ṣùgbọ́n ọ̀kan nínú bí wọ́n ṣe kọ ọ́ ni Iyadjemi. Ẹ̀yin tó gbọ́ Yorùbá, ṣé ẹ nílò kí ẹnikẹ́ni túmọ̀ ìyẹn fún yín? Ìyàjẹmí. Ẹni tí wọ́n kó lẹ́rú, tó la òkun kọjá, tó ṣe ẹrú fún ọdún márùn-ún, bí ọmọ, ó sì fi ojú tó rí sọ ọmọ lórúkọ. Ilé là á wò ká tó sọmọ lórúkọ, Kossola ò gbàgbé ìyẹn lókè òkun.

Obìnrin tó gbé kámẹ́rà wá

Ní 1927, obìnrin aláwọ̀ dúdú kan, Zora Neale Hurston, wá sí Africatown. Ọmọ Amẹ́ríkà ni, ó ń kọ́ nípa àṣà àwọn èèyàn. Ó padà wá ní 1928, ó sì gbé kámẹ́rà fíìmù dání. Kossola ti darúgbó nígbà náà. Abile ti kú, kò sì sí ọ̀kankan nínú ọmọ mẹ́fẹ̀ẹ̀fà lọ́dọ̀ rẹ̀ mọ́.

Ẹ jẹ́ ká wo bí obìnrin yìí ṣe ṣe é, torí ibẹ̀ ni iṣẹ́ wà. Kò wọlé kó bẹ̀rẹ̀ sí í da ìbéèrè bo bàbá. Ó mú èso wá, ó mú ẹran ẹlẹ́dẹ̀ wá, ó fi mọtò gbé e lọ ra akàn. Ọjọ́ mìíràn wà tí bàbá ò ní fẹ́ sọ̀rọ̀ rárá, á ní iṣẹ́ oko wà lọ́wọ́ òun. Hurston á jókòó tì í tàbí kó máa lọ, á tún padà wá lọ́jọ́ mìíràn. Nígbà tó fẹ́ ya fọ́tò rẹ̀, bàbá wọ kóòtù tó dáa jù tó ní, ṣùgbọ́n ó bọ́ bàtà. Ó ní òun fẹ́ kí àwòrán náà dà bíi pé Áfíríkà ni òun wà. Ibi ibojì àwọn tirẹ̀ ló sì ti ní kí wọ́n ya òun.

Fíìmù tí Hurston yà kò gùn, kò sì ní ohùn. Àmọ́ nínú gbogbo èèyàn tí wọ́n fi ọkọ̀ kó kọjá òkun lọ ṣe ẹrú, ìwọ̀nba díẹ̀ gan-an ni a lè rí báyìí tó ń mira nínú fíìmù, Kossola sì wà lára wọn. Hurston tún kọ ọ̀rọ̀ bàbá sínú ìwé, ó sì kọ ọ́ bó ṣe ń jáde lẹ́nu rẹ̀ gẹ́lẹ́. Àwọn tó ń tẹ ìwé ní kó tún èdè náà ṣe kó dà bíi ti alákọ̀wé, ó kọ̀. Ìwé náà wà nílẹ̀ láìtẹ̀. Kossola kú ní 1935, Hurston kú ní 1960. Ọdún 2018 ni ìwé náà, Barracoon, tó jáde. Ẹni tó sọ̀rọ̀ ti lọ, ẹni tó kọ ọ́ ti lọ, ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ kò lọ, torí pé ẹnì kan jókòó tí í gbọ́.

Àwọn ọmọ-ọmọ

Fún ọ̀pọ̀ ọdún làwọn ará Africatown fi ń sọ fún ọmọ wọn pé ọkọ̀ báyìí ló gbé wa wá, odò báyìí ni wọ́n sun ún sí. Àwọn kan níta ń pè é ní àhesọ. Ní oṣù karùn-ún ọdún 2019, ìjọba ìpínlẹ̀ Alabama kéde pé wọ́n ti rí àjókù ọkọ̀ Clotilda nínú odò Mobile. Ẹnu àgbà ò parọ́.

Ìgbà yẹn ni Margaret Brown, òyìnbó tí wọ́n bí sí ìlú Mobile, ń ya fíìmù rẹ̀ lọ́wọ́. Descendant ni orúkọ fíìmù náà. Ó gba ẹ̀bùn ní àjọ̀dún fíìmù Sundance ní 2022, ó sì bọ́ sórí Netflix ní oṣù kẹwàá ọdún yẹn. Kò dá a ṣe. Kern Jackson, ọ̀mọ̀wé aláwọ̀ dúdú tó ti pẹ́ tó ti ń gba ìtàn sílẹ̀ lẹ́nu àwọn ará Africatown, ló bá a ṣe é.

Nínú fíìmù yìí, àwọn ọmọ-ọmọ di ìwé Barracoon mú, wọ́n ń ka ọ̀rọ̀ Kossola jáde lẹ́nu ara wọn. Ẹ ó tún rí fídíò àtijọ́ tí wọ́n yà nígbà tí àwọn àgbà kan ṣì wà láyé. Lẹ́yìn náà ni ọ̀rọ̀ wá dé orí ilẹ̀: ta ló ni ilẹ̀ àyíká Africatown báyìí, ta ló jẹ́ kí ilé iṣẹ́ ńláńlá yí wọn ká, ta ló máa jèrè ìtàn ọkọ̀ yìí? Ìtàn ìdílé kì í ṣe eré ọmọdé. Ẹni tó mọ̀ ọ́n lè béèrè ẹ̀tọ́ rẹ̀. Ẹni tí kò mọ̀ ọ́n á kàn máa wò ni.

Ṣé ẹ wá rí ohun mẹ́ta tí irú fíìmù yìí dúró lé? Èkíní ni ẹnu àgbà. Èkejì ni ohun tí èèyàn lè fọwọ́ bà: ìwé, fọ́tò, ibojì, pákó ọkọ̀. Ẹ̀kẹta ni ibi tí nǹkan ti ṣẹlẹ̀. Tí ẹnu àgbà bá ti kúrò níbẹ̀, ohun méjì tó kù á ya odi. Fọ́tò kì í sọ orúkọ ara rẹ̀.

Nílẹ̀ wa náà ńkọ́?

Wọ́n ń ṣe é nílé náà. Remi Vaughan-Richards ṣe fíìmù kan tó ń jẹ́ Faaji Agba, tó jáde ní 2015, nípa àwọn àgbà olórin Èkó tí ayé ti fẹ́ gbàgbé. Ọdún bíi mélòó kan ló fi tẹ̀ lé wọn kiri. Fatai Rolling Dollar wà lára wọn, ṣùgbọ́n ó kú ní oṣù kẹfà ọdún 2013, kí fíìmù náà tó jáde. Ká ní ó ní òun á dúró dìgbà tí owó bá pé ni, kí ni ì bá yà? Toyin Ibrahim Adekeye náà ṣe Bigger Than Africa ní 2018. Ó tọpa àṣà Yorùbá láti ilé dé Amẹ́ríkà, Brazil, Cuba àti Trinidad, ó sì fi hàn pé òkun ò lè gbé e mì.

Ohun tó kàn wá ní Tunga

Ẹnì kan lè ní, àwa kọ́, wọn ò kó wa lẹ́rú wá sí Minna. Òótọ́ ni, ẹsẹ̀ ara wa la fi wá. Ọ̀nà ojú irin ló kọ́kọ́ gbé ọ̀pọ̀ wá. Ní 1911 ni èyí tó ti Baro wá dé Kano, Minna níbí sì ni èyí tó ń bọ̀ láti Èkó ti wá pàdé rẹ̀. Òṣìṣẹ́ rélùwéè wá, akọ̀wé wá, oníṣòwò tẹ̀ lé wọn, aránṣọ tẹ̀ lé wọn. Nígbà tí wọ́n dá ìpínlẹ̀ Niger sílẹ̀ ní 1976, tí Minna di olú ìlú, àwọn mìíràn tún dé. Ìran àwọn tó kọ́kọ́ dé ti lọ. Àwọn ọmọ wọn ló di àgbà báyìí, àwọn náà sì ń lọ lọ́kọ̀ọ̀kan.

Ẹ rántí ti Ghana pẹ̀lú. Ní ọjọ́ 18 oṣù kọkànlá ọdún 1969, ìjọba Busia fún àjèjì tí kò ní ìwé ìgbélùú ní ọ̀sẹ̀ méjì péré láti kó ẹrù wọn. Yorùbá ló pọ̀ jù nínú àwọn ọmọ Nàìjíríà tó wà níbẹ̀: ará Ògbómọ̀ṣọ́, ará Ẹ̀jìgbò, ará Ọ̀ffà, ará Ṣakí. Àwọn kan ti wà níbẹ̀ láti ìran bàbá wọn. Ta ló ráyè kó fọ́tò láàárín ọ̀sẹ̀ méjì? Ohun tó kù ni èyí tó wà lẹ́nu àwọn tó padà wálé, àwọn tó sì jẹ́ ọmọ ogún ọdún nígbà yẹn ti lé ní àádọ́rin báyìí.

Nǹkan mìíràn tún wà, gbogbo òbí tó wà níbí ló mọ̀ ọ́n. Tí ọmọ wa bá fẹ́ wọ yunifásítì tàbí kó wáṣẹ́ ìjọba, wọ́n á ní kó mú ìwé ìbílẹ̀ wá. Ọmọ tí wọ́n bí sí Tunga, tó lọ ilé ìwé ní Tunga, á gba ìlú bàbá rẹ̀ lọ. Tó bá débẹ̀ tí wọ́n bi í ní agbo ilé, tí kò rí nǹkan sọ, ojú tí wọ́n á fi wò ó á yàtọ̀. Níbí wọ́n ń pè é ní àlejò, níbẹ̀ wọ́n á ní àwọn ò mọ̀ ọ́n. Ibo ni kó wá lọ?

A ò sọ pé kí ọmọ wa má jẹ́ ọmọ Tunga o. Hausa tí wọ́n ń sọ, ẹ̀bùn ni. Àwọn ará Africatown ò fi tìtorí pé wọ́n rántí ilé kí wọ́n má gbélé ayé ní Alabama. Orúkọ méjì ni Kossola fún ọmọ rẹ̀, kì í ṣe ọ̀kan.

Bí a ṣe lè bẹ̀rẹ̀

Kò dìgbà tí a bá ní kámẹ́rà ńlá. Fóònù tó wà lọ́wọ́ wa ju èyí tí Hurston gbé lọ lọ́pọ̀ ìgbà, torí ó ń gba ohùn. Ohun tó yẹ ká ṣe rèé.

Ẹ kọ́kọ́ lọ kí àgbà náà láìgbé fóònù jáde. Ẹ mú obì tàbí ohun tó fẹ́ràn dání. Ẹ sọ ohun tí ẹ fẹ́ ṣe fún un, kí ó gbà. Tó bá ní òní kọ́, ẹ padà wá.

Lọ́jọ́ tí ẹ bá fẹ́ yà á, ẹ jókòó síbi tí kò sí ariwo jẹnẹrétọ̀ àti fáànù. Kí ìmọ́lẹ̀ fèrèsé máa bọ̀ sí ojú bàbá tàbí ìyá, kó má ṣe wá láti ẹ̀yìn rẹ̀. Ẹ dá fóònù dùbúlẹ̀, ẹ gbé e ti nǹkan kó má gbọ̀n, ẹ sún mọ́ ọn dáadáa kí ohùn lè ròkè. Ẹ pa nẹ́tíwọ́ọ̀kì kí ìpè má baà já a. Ẹ ya ìṣẹ́jú kan, ẹ gbọ́ ọ ná, kí ẹ tó máa bá a lọ. Kí ẹ kọ́kọ́ dárúkọ ẹni tó ń sọ̀rọ̀, ọjọ́, àti ibi tí ẹ wà.

Àwọn ìbéèrè tó yẹ kó wà níbẹ̀ nìyí:

– Kí ni orúkọ àbísọ yín, ta ló sọ yín, kí ló fà á?
– Ìlú wo, agbo ilé wo, kí ni oríkì ilé yín? Ẹ jẹ́ kó kì í jáde.
– Ta lẹ bá wá sí Minna, ọ̀dọ̀ ta lẹ kọ́kọ́ dé sí?
– Iṣẹ́ tàbí ọjà wo lẹ fi bẹ̀rẹ̀, èló lowó yín?
– Hausa, Nupe tàbí Gbagyi wo ló ràn yín lọ́wọ́ nígbà náà?
– Kí lẹ fi sílẹ̀ nílé tó ṣì ń dùn yín?

Tí àgbà ò bá mọ ọdún, ẹ má bá a jiyàn. Ẹ fi nǹkan tó ṣẹlẹ̀ wọ̀n ọ́n: ṣé ogun Hitler ti parí? Ṣé a ti gba òmìnira ní 1960? Ṣé ogun Biafra ti bẹ̀rẹ̀ ní 1967? Ṣé ọwọ́ òsì ni mọtò ṣì ń gbà, kí wọ́n tó yí i sí ọ̀tún ní 1972? Ṣé pọ́n-ùn lẹ ń ná, àbí náírà tó dé ní 1973? Ẹ ó rí i pé ọdún á jáde fúnra rẹ̀.

Tí ẹni méjì bá sọ ìtàn kan lọ́nà méjì, ẹ gba méjèèjì. Ẹ kó fọ́tò jáde, kí wọ́n máa na ọwọ́ sí èèyàn kọ̀ọ̀kan, kí wọ́n máa dárúkọ rẹ̀. Ìwé àwìn àtijọ́ inú sọ́ọ̀bù náà, ẹ má sun ún. Orúkọ oníbàárà àti iye ọjà ayé ìgbà yẹn wà nínú rẹ̀. Ìtàn ni.

Àmọ́ ṣá o, kì í ṣe gbogbo ọ̀rọ̀ ilé là ń gbé síta. Ìjà ilẹ̀, ọ̀rọ̀ ogún, ìyàwó tó lọ tó bọ̀: tí àgbà bá ní kí èyí má jáde, kó má jáde. Ẹ má sáré gbé e sórí Facebook. Ẹ má sì gbẹ́kẹ̀ lé WhatsApp nìkan, torí ó máa ń fún fídíò pọ̀ títí tí àwòrán á fi dọ̀tí. Ẹ dà á sórí mẹ́mórì, ẹ tún fi ọ̀kan ránṣẹ́ sí ẹnì kan nílé. Fóònù á bà jẹ́, olè á gbé e, ẹ̀dà kan ò tó.

Àwọn ẹgbẹ́ wa náà lè gba iṣẹ́ yìí ṣe. Tí ẹgbẹ́ kọ̀ọ̀kan bá yan ọ̀dọ́ méjì, kí wọ́n máa ya àgbà kan lóṣù, àgbà méjìlá ni yóò ti sọ tiwọn kí ọdún tó yí po. Ọ̀dọ́ tó bá ń bi àgbà léèrè á sì máa gbọ́ Yorùbá pẹ̀lú, ìyẹn ju kí a máa bá a wí pé kò gbọ́ èdè.

Bí ọmọdé bá láṣọ bí àgbà, kò lè ní àkísà bí àgbà. Àkísà yẹn là ń wá. Iléyá tàbí Kérésì tó ń bọ̀ yìí, tí ẹ bá délé, kí ẹ tó bẹ̀rẹ̀ sí í wo ẹran, ẹ wo ta ló dàgbà jù nínú agbo ilé, kí ẹ lọ jókòó tì í.